Ẹni Tí Omi Kò Gbé

“Bàbá, ẹ fi òjìji yín sílẹ̀ níta.”

Ọlọ́pàá obìnrin tó dúró lẹ́nu ọ̀nà kóòtù ló sọ bẹ́ẹ̀. Mo mọ̀. Èmi ni mo kọ́kọ́ ka òfin yẹn jáde nínú gbọ̀ngàn yìí, kí wọ́n tó bí i. Mo gbé ẹsẹ̀ kọjá ìlà funfun tó wà nílẹ̀. Òjìji mi dúró síta, ó fara ti ògiri. Ti Tọ́lání, ọmọ mi, dúró tì í.

“Káàdì yín ńkọ́, Mà?”

Tọ́lání fa okùn jáde lọ́rùn rẹ̀. Káàdì pupa ni. Gbogbo ẹni tí kóòtù bá fún ní ìyọ̀ǹda gbọ́dọ̀ máa gbé e kọ́rùn. Ọlọ́pàá náà kà á sókè.

“‘Ọkàn rẹ̀ kò ní lù. Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ yóò máa lọ.’ Há! Láti ìgbà wo, Mà?”

“Mo jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́fà nígbà yẹn.”

“Àǹtí mi náà bẹ̀bẹ̀ fún tiwọn. Wọ́n ní kí irun àwọn má funfun. Ọdún mọ́kànlá ni wọ́n fi ń lọ tí wọ́n ń bọ̀. Nígbà tí kóòtù máa fọwọ́ sí i, orí ti pá.”

Tọ́lání rẹ́rìn-ín. Èmi ti ọwọ́ bọ àpò. Òkúta wẹ́wẹ́ kan wà níbẹ̀. Ó ti wà níbẹ̀ fún ogójì ọdún.

Gbọ̀ngàn náà kò yí padà. Agbọ́hùn ṣì dúró láàárín rẹ̀, ẹ̀rọ bàbà tó ga tó ènìyàn méjì, iná kéékèèké irinwó ó lé méjìlá lára rẹ̀. Iná kan fún ìlà òfin kan. Gbogbo wọn ló ń tàn, àwọ̀ ewé. Ìyẹn ni pé òkúta ṣì wúwo, iná ṣì ń jó igi, àná ṣì ń ṣáájú òní. Ní àárọ̀ Ọjọ́ Kíkà lọ́dọọdún, gbogbo iná wọ̀nyí a kú. Òǹkàwé ìlú ni yóò fi ẹnu tàn wọ́n padà lọ́kọ̀ọ̀kan kí oòrùn tó wọ̀. Títí yóò fi kà wọ́n tán, kálukú a jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ nílé rẹ̀, a sì di ọmọ rẹ̀ mú. Èmi ni òǹkàwé Ẹ̀bútẹ́-Ìpẹja fún ọdún mẹ́tàdínlógún.

Mafimísẹ̀bí wà nínú àga onítáyà níwájú adájọ́. Ogójì ọdún ni n kò fi ojú kàn án, bẹ́ẹ̀ ìlú kan náà ni a ń gbé. Ó ti rù. Ọwọ́ rẹ̀ nìkan ni kò rù, ọwọ́ ẹni tó ń gbẹ́ ọkọ̀ ojú omi, ó fẹ̀, ó sì le. Kò wò mí. Tọ́lání ló ń wò. Ó tẹjú mọ́ ẹsẹ̀ ọmọ mi.

“Ta ló pe kóòtù jọ?” Adájọ́ Ọlánkẹ́ béèrè. Obìnrin tí kò tíì pé ogójì ọdún ni, ó ń fi bírò gbá tábìlì díẹ̀díẹ̀.

“Èmi ni, Olúwa mi. Oríyọmí. Ọmọ ọmọ Bàbá Mafimísẹ̀bí ni mí.”

Àwọ̀n ẹja ni Oríyọmí ń hun létí omi. Aṣọ tó dára jù lọ ló wọ̀, ṣùgbọ́n fọ́nrán òwú àwọ̀n ṣì wé mọ́ ìka rẹ̀ kan.

“Kí lo fẹ́?”

“Mo fẹ́ kí omi gbé bàbá wa délé.”

Adájọ́ ṣí ìwé. Ó kà á láìgbóhùn sókè: ní ogójì ọdún sẹ́yìn, lásìkò ọyẹ́, ọkọ̀ kan rì láàárín Ẹ̀bútẹ́-Ìpẹja àti erékùṣù Olómitútù. Ènìyàn mẹ́fà kú. Wọ́n fa ọkọ̀ náà jáde, wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò. Kò là, kò lu. Kóòtù ní igi tí wọ́n fi gbẹ́ ẹ ló wúwo jù, ẹni tó gbẹ́ ẹ ló jẹ̀bi. Ìdájọ́ rẹ̀ ni pé omi kò gbọdọ̀ gbé Mafimísẹ̀bí mọ́, kò sì gbọdọ̀ gbé ohunkóhun tí Mafimísẹ̀bí bá wà nínú rẹ̀.

“Títí di ìgbà wo?” Oríyọmí béèrè.

“Wọn kò kọ ìgbà sí i.”

“Òkú wọn náà ńkọ́?”

“Wọn kò kọ ìgbà sí i, arábìnrin.”

“Dókítà ní ó ku ọ̀sẹ̀ méjì, Olúwa mi. Olómitútù ni wọ́n bí wọn sí. Ibẹ̀ ni ìyàwó wọn sùn sí. Lọ́dún tó kọjá a gbé wọn sínú ọkọ̀ onírin tuntun, a ní bóyá kóòtù ti gbàgbé. Wọn kò tíì jókòó tán tí omi fi dé ọrùn wa.”

“Kò sí afárá?”

“Kò sí. Òfuurufú wa náà kò sì gba ohun tó ń fò.”

“Àfi ẹyẹ,” ẹnì kan sọ láti ẹ̀yìn.

“Bàbá wa kì í ṣe ẹyẹ,” Oríyọmí dáhùn láìwẹ̀yìn.

Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Mafimísẹ̀bí náà rẹ́rìn-ín, ó sì wúkọ́ títí ẹ̀gbẹ́ fi dùn ún.

“Kóòtù kò lè mú ìdájọ́ kúrò lásán,” ni Adájọ́ wí. “Ẹ gbọ́dọ̀ fi ohun tó ri ọkọ̀ náà hàn wá. Kí lẹ rò pé ó rì í?”

“Àwọn àgbà ní ó ṣeé ṣe kí òfin ọdún yẹn ní ihò.”

Bírò Adájọ́ dúró.

“Ṣé o mọ ohun tí o sọ? Òfin tí a kò kà dáadáa ló máa ń ní ihò. Bí ihò bá sì wà nínú kíkà ọjọ́ kan, gbogbo ohun tí kóòtù fọwọ́ sí lọ́jọ́ náà ló wó. Gbogbo ìyọ̀ǹda pátá. Bí òǹkàwé bá ti jẹ́wọ́ níwájú Agbọ́hùn yìí, lójú ẹsẹ̀ ni.”

“Mo gbọ́, Olúwa mi. Ẹ ṣáà bi òǹkàwé ọjọ́ náà léèrè.”

Tọ́lání jókòó sí bẹ́ǹṣì kejì. Káàdì pupa náà wà láyà rẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n kọ síbẹ̀ ni Ọjọ́ Kíkà tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Kò tíì mọ̀. Ọdún kẹta lẹ́yìn tí wọ́n fún un ni Ilé Aṣòfin fòpin sí ìyọ̀ǹda ọkàn. Èyí tó bá ti wà, ó wà. Èyí tó bá wó, kò sẹ́ni tó lè gbé e dìde mọ́.

“Bàbá Fágbohùn,” ni Adájọ́ wí, “ẹ̀yin nìkan ló kù nínú àwọn tó wà lẹ́nu iṣẹ́ lọ́jọ́ náà.”

“Èmi nìkan ni.”

“Ẹ̀yin lẹ ka Òfin Omi?”

“Èmi ni.”

“Ẹ kà á tán?”

Iṣẹ́ òǹkàwé kò le. Bí o bá ka ìlà kan, o ó ju òkúta wẹ́wẹ́ kan sínú igbá tó wà lẹ́sẹ̀ rẹ. Bí o bá wúkọ́, tàbí o sín, tàbí ahọ́n rẹ kọ́, o ó yọ òkúta náà, o ó sì padà sí ìbẹ̀rẹ̀ òfin yẹn, bí o tilẹ̀ ti kà á dé ìdí. Kò sẹ́ni tó ń bínú sí òǹkàwé tó bá padà. Ọdún kan wà tí mo padà lẹ́ẹ̀mẹfà. Wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ fún oṣù kan, ó tán.

Ní ọdún tí à ń wí yìí, ọmọ mi ń kú. Ìyàwó mi pọ̀n ọ́n wá sí gbọ̀ngàn, ó jókòó níwájú. Lẹ́yìn kíkà ni wọ́n máa ń gbọ́ ẹ̀bẹ̀ àwọn tó ń wá ìyọ̀ǹda, bí oòrùn bá sì ti wọ̀, ó di ọjọ́ kejì. Dókítà ti ní ọmọ náà kò ní rí ọjọ́ kejì. Ìlà mẹ́ta ló kù nínú Òfin Omi. Mo ń wo fèrèsé. Mo kà pé, “Ohun tó bá fúyẹ́ ju omi lọ, omi yóò gbé e.” Bí mo ṣe dé “gbé e” ni ikọ́ mú mi.

Ìlà mẹ́tàdínlọ́gọ́ta ni n bá padà kà. Wákàtí kan ni.

Mo fi ọwọ́ bo ẹnu. Iná ìlà náà tàn lára Agbọ́hùn. Àwọ̀ rẹ̀ ṣá díẹ̀, bí ewé tó ti pẹ́ nínú oòrùn. Alàgbà tó yẹ kó máa fi ìka tọ ìlà lẹ́yìn mi ti ń tòògbé. Mo ka ìlà tó tẹ̀ lé e. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ parí, tí wọ́n fọwọ́ sí ìyọ̀ǹda ọmọ mi, tí ìyá rẹ̀ ń sunkún ayọ̀, mo bẹ̀rẹ̀, mo yọ òkúta kan nínú igbá, mo fi í sápò. N kò mọ ohun tí mo fẹ́ fi ṣe.

Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn náà, ọkọ̀ rì.

“Bàbá,” ni Adájọ́ wí. “Ṣé ẹ wúkọ́?”

Mo wo Mafimísẹ̀bí. Kò wò mí. Mo wo Tọ́lání. Ó fọkàn sí ọ̀rọ̀ náà gan-an, ó fẹ́ kí wọ́n ran bàbá arúgbó náà lọ́wọ́. Ó ń mi orí sí mi pé kí n sọ̀rọ̀.

“N kò wúkọ́,” ni mo wí. “Mo kà á tán.”

Iná kankan kò yẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n ti gbé òfin lọ sí Ilé Aṣòfin pé kí ojú ẹni tó bá purọ́ máa pupa. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni àwọn aṣòfin ti dà á nù.

“Kóòtù kò rí ihò,” ni Adájọ́ wí. “Ìdájọ́ dúró.” Ó pa ìwé dé. “Ẹ má bínú, Bàbá.”

Mafimísẹ̀bí ló ń bá sọ̀rọ̀. Ìyẹn gbé ọwọ́ ńlá náà sókè.

“Kò burú, ọmọ mi. Láti àárọ̀ lo ti ń fi bírò gbá tábìlì. Ebi ló ń pa ọ́. Lọ jẹun.”

Níta, òjìji wa tún lẹ̀ mọ́ wa. Oríyọmí lọ wá ọkọ̀ ilẹ̀. Tọ́lání ní òun fẹ́ ra ọsàn. Wọ́n ti àga Mafimísẹ̀bí sábẹ́ igi kan létí omi, níbi tí wọ́n ti ń so ọkọ̀. Àwọn ọkọ̀ ń lọ sí Olómitútù, wọ́n ń bọ̀. Láti ibẹ̀ a ń rí òrùlé ilé ibẹ̀ lókèèrè. Èmi náà, ibẹ̀ ni wọ́n bí mi sí. Lọ́dọọdún ni mo ń kọjá lọ tún ibojì àwọn òbí mi ṣe.

“Fágbohùn,” ó pè mí.

“Ẹ̀gbọ́n. Ẹ kú ìjókòó.”

“Jókòó.”

Mo jókòó sórí kùkùté.

“Ẹ̀ẹ̀kan péré ni,” ó ní. “O fi ọwọ́ bò ó.”

Mo ti ọwọ́ bọ àpò, mo di òkúta náà mú.

“Ẹsẹ̀ kan pèpéle tí o dúró lé lọ́jọ́ náà ti sán. Akọ̀wé kóòtù ní kí n wá tún un ṣe. Mo pẹ́ kí n tó dé, ẹ sì ti fẹ́ bẹ̀rẹ̀, mi ò lè kan ìṣó. Ni mo bá wọ abẹ́ rẹ̀, mo fi ọwọ́ méjèèjì dì í mú. Láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Orí mi gan-an lo dúró lé.”

“N kò mọ̀.”

“Báwo lo ṣe máa mọ̀? Mo gbọ́ ìró gbogbo òkúta tó bọ́ sínú igbá yẹn. Mo gbọ́ ikọ́. Mo ń retí kí o yọ ọ̀kan. O kò yọ ọ́.”

Ọkọ̀ kan gúnlẹ̀. Àwọn obìnrin sọ̀ kalẹ̀, wọ́n ń bá ọlọ́kọ̀ jà nítorí apẹ̀rẹ̀ kan tó tutù. Mafimísẹ̀bí dúró títí wọ́n fi kọjá.

“Kí ló dé tí ẹ kò sọ ọ́?” mo bi í. “Nígbà tí wọ́n ń dájọ́ fún yín.”

“Àlàfo wà láàárín pákó méjì. Mo ń rí iwájú. Mo rí obìnrin kan tó pọn ọmọ. Ọmọ tó ti dàgbà ju ẹni à ń pọ̀n lọ, ẹsẹ̀ rẹ̀ fà sílẹ̀. Ẹsẹ̀ náà ti dúdú bí aṣọ aró.” Ó wo omi. “Ní ìrọ̀lẹ́ mo tún wò ó. Ó ti mọ́ padà. Ó ń mì í síwá sẹ́yìn.”

“Ẹ̀gbọ́n.”

“Mo ní ọmọ méjì nígbà yẹn. Mo ro ọ̀rọ̀ náà fún ọjọ́ mẹ́ta. Mo ní ó dára, n ó máa fẹsẹ̀ rìn.”

Tọ́lání dé pẹ̀lú ọsàn nínú ọ̀rá. Ó kúnlẹ̀ kí i. Ó bó ọ̀kan, ó gé orí rẹ̀, ó fi lé e lọ́wọ́. Mafimísẹ̀bí mu ún. Ó tẹjú mọ́ ẹsẹ̀ Tọ́lání nínú sálúbàtà.

“Ẹsẹ̀ rẹ dára.”

“Ẹsẹ̀ mi, Bàbá?”

“Ó dára gan-an. Má jẹ́ kí bàtà gogoro bà á jẹ́.”

“Ẹ ò rí i! Ẹ bá mi sọ fún ọkọ mi. Ó ní ó dà bí ẹsẹ̀ pẹ́pẹ́yẹ.”

Àwọn méjèèjì rẹ́rìn-ín. Tọ́lání dìde lọ bá Oríyọmí, tó ń bá awakọ̀ kan ṣàríyànjiyàn lójú títì. Mo mú òkúta náà jáde, mo nà án sí Mafimísẹ̀bí. Ó gbà á, ó fi àtẹ́lẹwọ́ wọ̀n ọ́n.

“Òun nìyí?”

“Òun ni.”

“Mo ti rò pé ó tóbi ju báyìí lọ.”

“Kí ni kí n ṣe, ẹ̀gbọ́n?”

“Ní báyìí? Kò sí.” Ó mu ọsàn rẹ̀ tán kó tó tún sọ̀rọ̀. “Kì í ṣe ti inú kóòtù ló dùn mí. Bí o bá sọ nǹkan mìíràn níbẹ̀ lónìí, èmi ni n bá sọ pé irọ́ ni. Ohun tó dùn mí ni pé o kò wá. Nígbà tí ìyàwó mi kú lọ́hùn-ún, tí n kò lè lọ sin ín, mo jókòó sẹ́nu ọ̀nà fún ọjọ́ méje. Gbogbo ìlú ló wá kí mi. Mo ń wo ọ̀nà. O kò ní láti sọ nǹkan kan, Fágbohùn. O kàn máa jókòó ni. Ilé mi kò jìnnà.”

“N ó wá lọ́la.”

“Wá.” Ó dá òkúta náà padà fún mi. “Mú un. Tìrẹ ni.”

Ní ọjọ́ kejì, òjò rọ̀. Mo ní kí ó dá. Nígbà tó dá, mo ní ilẹ̀ tutù. Ní ọjọ́ kẹta, mo ní orúnkún ń dùn mí. Òótọ́ ni pé ó ń dùn mí. Ní ọjọ́ kẹrin, mo wẹ̀, mo wọ aṣọ, mo mú ọ̀pá. Nígbà tí mo dé ìkóríta ilé rẹ̀, mo rí i tí wọ́n ń gbé bẹ́ǹṣì síta, tí àwọn ọkùnrin méjì sì gbé ṣọ́bìrì lọ sẹ́yìnkùlé.

Láti ẹnu ọ̀nà mi dé ẹnu ọ̀nà rẹ̀ kò ju ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ìṣísẹ̀ lọ. Mo kà á.

Ọkọ̀ mẹ́tàlá ló wà lẹ́yìnkùlé rẹ̀. Kò sẹ́ni tó jẹ́ gba ọkọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ láti ìgbà tí ènìyàn mẹ́fà ti kú, síbẹ̀ kò dáwọ́ gbígbẹ́ dúró. Adìyẹ ń yé sínú ọ̀kan. Oríyọmí gbin ẹ̀fọ́ sínú òmíràn. Mo fi ọwọ́ ra inú èyí tó sún mọ́ mi jù, láti orí dé ìdí. Ó dán. N kò rí àbùkù kankan.

Wọ́n sin ín láàárín wọn.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, Tọ́lání gbé oúnjẹ wá fún mi. Ó jókòó tì mí.

“Bàbá, kí lohun tí ẹ máa ń fọwọ́ kàn nínú àpò yín?”

“Òkúta.”

Ó fa káàdì rẹ̀ síta, ó wo ọjọ́ tó wà lára rẹ̀. Ó pẹ́ tó ti ń wò ó. Lẹ́yìn náà ó gbé ọwọ́ lé àyà, bó ṣe máa ń ṣe nígbà tó wà lọ́mọdé, tó ń wá ohun tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní. Ó ti káàdì náà padà sínú aṣọ. Kò tún béèrè.

“Tọ́lání.”

“Sà.”

“Bí mo bá kú, ẹ má gbé mi lọ sí Olómitútù.”

“Há, Bàbá! Ibẹ̀ kọ́ ni Màmá wà? Ibẹ̀ kọ́ ni gbogbo ẹbí yín wà?”

“Ibẹ̀ ni.”

“Omi á gbé yín. Kò sí ìdájọ́ kankan lórí yín.”

“Mo mọ̀ pé kò sí.” Mo ti àwo oúnjẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́. “Ẹ bá mi bẹ Oríyọmí. Ẹ̀yìnkùlé wọn gbòòrò. Ẹ wá àyè fún mi láàárín àwọn ọkọ̀ yẹn.”

“Kí ni ká sọ pé ó fà á?”

“Ẹ sọ pé mo ṣèlérí fún bàbá wọn pé mo ń bọ̀ wá kí wọn,” ni mo wí. “Kò jìnnà.”